Àtúnṣe: Àsansílẹ̀ owó kò kó gbogbo ìfẹsẹ̀wọnsẹ̀ Premier League pọ̀

Ọ̀rọ̀ kan ń jà ràn-ìn pé ẹni tó bá ti san àsansílẹ̀ owó fún àwọn ilé-iṣẹ́ tẹlifíṣọ̀n Sky Sports àti TNT Sports ní Britain lẹ́tọ̀ọ́ láti wo gbogbo ìfẹsẹ̀wọnsẹ̀ Premier League bó ṣe ń lọ lọ́wọ́, àti pé bí kò bá rí òmíràn, wọ́n lù ú ní jìbìtì ni. Kò rí bẹ́ẹ̀.

Ìfẹsẹ̀wọnsẹ̀ 380 ló wà ní sáà kan. Nínú àdéhùn tó bẹ̀rẹ̀ ní sáà 2025/26, Sky gba ó kéré tán 215, TNT sì gba 52. Èyí tó pọ̀ jù nínú ìyókù bọ́ sọ́wọ́ òfin ọjọ́ Sátidé. Láti aago 2:45 ọ̀sán títí di 5:15, wọn kì í gbé bọ́ọ̀lù tó ń lọ lọ́wọ́ sórí tẹlifíṣọ̀n ní Britain, ìbáà jẹ́ ti ilẹ̀ Sípéènì. Bob Lord, alága Burnley, ló jà fún un ní àwọn ọdún 1960, nítorí ẹ̀rù ń bà á pé àwọn èèyàn yóò jókòó sílé dípò kí wọ́n ra tíkẹ́ẹ̀tì àwọn ẹgbẹ́ kéékèèké. Òfin 48 ti UEFA, àjọ tó ń ṣàkóso bọ́ọ̀lù ilẹ̀ Yúróòpù, ló fàyè gbà á.

Ìdí nìyí tí ẹni tó wà lókè òkun fi lè máa wo Arsenal ní aago mẹ́ta, nígbà tí ẹni tí ilé rẹ̀ kángun sí pápá ìṣeré gan-an (ó yani lẹ́nu lóòótọ́!) yóò máa gbọ́ ọ lórí rédíò.