Ebi Kì Í Wọnú: Ikùn Ọmọ, Ikùn Olórí

Ebi kì í wọnú kí ọ̀rọ̀ mìíràn wọ̀ ọ́. Ìgbà tí oúnjẹ bá fẹ́ délẹ̀ la sábà máa ń pa òwe yìí. Àlejò dé, ọ̀rọ̀ pọ̀ nílẹ̀, a ní ẹ jẹ́ ká kọ́kọ́ fi nǹkan panu ná. Kò burú. Ṣùgbọ́n lójú tèmi, òwe yìí wúwo ju bẹ́ẹ̀ lọ, etí olórí ìlú ló sì yẹ ká máa pa á sí. Ẹni tí ìgbésí ayé rẹ̀ là á yé mi kì í ṣe ọmọ Yorùbá, kò sì gbọ́ òwe náà rí. K. Kamaraj lorúkọ rẹ̀, ará Virudhunagar ní gúúsù Íńdíà.

Wọ́n bí i ní 1903. Ó kéré púpọ̀ nígbà tí bàbá rẹ̀ kú, Sivakami ìyá rẹ̀ ló ń gbọ́ bùkátà. Kò tíì bàlágà tó fi pa ilé ìwé tì, tó lọ ń ta aṣọ ní ṣọ́ọ̀bù arákùnrin ìyá rẹ̀. Ìjà òmìnira ló gbé e wọ òṣèlú, ọjọ́ tó sì lò lẹ́wọ̀n lọ́wọ́ ìjọba Gẹ̀ẹ́sì lé ní 3,000. Nígbà tó di April 1954, òun ni olórí ìjọba ìpínlẹ̀ Madras, èyí tí a ń pè ní Tamil Nadu lónìí.

Ẹni tó ṣáájú rẹ̀ lórí àga, Rajagopalachari, ti gbé ètò kan kalẹ̀ ní 1953: kí ọmọ ilé ìwé alákọ̀ọ́bẹ̀rẹ̀ lo ààbọ̀ ọjọ́ ní kíláàsì, kó fi ìyókù kọ́ṣẹ́ òbí rẹ̀. Ẹ gbé e yẹ̀ wò. Ọmọ alágbàfọ̀ á padà sídìí aṣọ ìdọ̀tí, ọmọ amọ̀kòkò á padà sídìí amọ̀. Inú bí àwọn èèyàn gidigidi. Kamaraj fagi lé ètò náà, ó sì ń ṣí ilé ìwé káàkiri abúlé.

Ṣùgbọ́n ilé ìwé ṣí, ọmọ ò wá. Ìtàn kan wà tí àwọn ará Tamil kì í yé sọ. Wọ́n ní ọkọ̀ Kamaraj dúró níbi tí ojú irin ti dábùú títì, geeti ti wà ní pípadé, wọ́n ń retí kí rélùwéè kọjá. Ó bọ́ sílẹ̀, ó rí ọmọdékùnrin kan tó ń da ẹran. Ó bi í pé kí ló dé tí kò sí nílé ìwé. Ọmọ náà dá a lóhùn pé bí òun bá lọ sílé ìwé, ṣé Kamaraj yóò fún òun lóúnjẹ? Òun ò lè kàwé láìjẹun.

Ọmọ yẹn ti pa òwe wa lédè Tamil. “Ọ̀rọ̀ mìíràn” tí kò lè wọnú rẹ̀ ni lẹ́tà, ni ìṣirò, ni gbogbo ohun tí ìjọba ń pariwo pé òun ti gbé wá fún un.

Ní 1956, ètò oúnjẹ ọ̀sán bẹ̀rẹ̀ láti ìlú Ettayapuram. Kì í ṣe Kamaraj ló kọ́kọ́ rò ó o, ìgbìmọ̀ ìlú Madras ti gbìyànjú irú rẹ̀ láti 1920. Ohun tó ṣe ni pé ó kó o kúrò nínú ìlú ńlá lọ bá ọmọ abúlé. Àwọn ará abúlé dá owó, wọ́n dá ìrẹsì, ìjọba fi tirẹ̀ kún un. Ní 1982, M. G. Ramachandran tó wà lórí àga nígbà náà sọ ètò náà di ńlá. Ní 2001, ilé ẹjọ́ tó ga jù lọ ní Íńdíà pàṣẹ pé kí gbogbo ìpínlẹ̀ máa fún ọmọ ilé ìwé alákọ̀ọ́bẹ̀rẹ̀ ìjọba ní oúnjẹ tí a sè. Èyí tí wọ́n ń fi ìṣasùn bù nílùú kan ti di òfin ilẹ̀.

Ẹ̀yin tí ẹ ń múra àtidu ipò, ẹ gbọ́ mi. Kí ẹ tó ka iye kíláàsì tí ẹ kọ́, ẹ kọ́kọ́ bèèrè ohun tí ọmọ inú rẹ̀ jẹ láàárọ̀.

Ikùn kejì wà nínú òwe náà, ìyẹn ikùn olórí fúnra rẹ̀. Ebi ipò wà, ebi owó wà. Bí irú ebi yẹn bá wọnú olóyè, ọ̀rọ̀ ìlú kò tún ráyè wọbẹ̀ mọ́. Wọ́n ní àwọn aláṣẹ Virudhunagar fa omi ẹ̀rọ wọnú ilé Sivakami lọ́tọ̀, nígbà tí àwọn aládùúgbò ṣì ń pọnmi níta. Nígbà tí Kamaraj gbọ́, ó ní kí wọ́n gé e kúrò. Ìyá tó bí i ni o! Ó dùn mí fún màmá náà, mi ò ní tàn yín. Síbẹ̀, bí ẹnu bá ti tọ́ irú omi bẹ́ẹ̀ wò, kì í mọ̀ ọ́n dá dúró.

Ní 1963, nígbà tí kò sẹ́ni tó ń lé e, ó dá a lábàá fún Nehru, olórí ìjọba Íńdíà nígbà náà, pé kí àwọn àgbà Congress, ẹgbẹ́ òṣèlú tiwọn, fi ipò ìjọba sílẹ̀, kí wọ́n padà lọ tún ẹgbẹ́ ṣe. Olórí ìpínlẹ̀ 6 àti mínísítà àpapọ̀ 6 ló kọ̀wé fipò sílẹ̀. Àwọn kan ní Nehru lò ó láti fi yọ àwọn tí kò fẹ́ kúrò lọ́nà. Ó ṣeé ṣe. Ṣùgbọ́n ẹni tó dá àbá yẹn, ti ara rẹ̀ ló kọ́kọ́ gbé sílẹ̀. Nígbà tí Nehru kú ní 1964, tí Shastri tó gbapò rẹ̀ náà kú ní January 1966, Kamaraj tó jẹ́ alága ẹgbẹ́ ló ṣètò ẹni tó gorí àga olórí ìjọba Íńdíà lẹ́ẹ̀mejèèjì, kò sì nawọ́ sí i fúnra rẹ̀.

Ìbò 1967 dé, ìrẹsì ti wọ́n gógó ní Madras. Inú ṣì ń bí àwọn ọ̀dọ́ lórí ọ̀rọ̀ èdè Hindi tí wọ́n fẹ́ fi tipátipá gbé lé wọn lórí. DMK, ẹgbẹ́ òṣèlú alátakò ti Annadurai, ṣèlérí òṣùwọ̀n ìrẹsì mẹ́ta fún rúpì kan, ìyẹn owó Íńdíà. Ebi tún ti wọnú, kò sẹ́ni tó rántí oúnjẹ ọ̀sán ti 1956 mọ́. Ní Virudhunagar gan-an, ní ìlú tí wọ́n ti bí i, ọ̀dọ́ kan tó ti ṣe aṣáájú akẹ́kọ̀ọ́ ló fìdí Kamaraj rẹmi. Ó ká mi lára, àmọ́ mi ò rí ìlú yẹn bá wí.

Kamaraj kú ní October 2, 1975. Ohun tí wọ́n ròyìn pé wọ́n bá lọ́wọ́ rẹ̀ kò ju nǹkan bí 130 rúpì, ṣẹ́ẹ̀tì mẹ́rin, bàtà méjì àti ìwé díẹ̀. Ilé tó ń gbé ní Madras, ó háyà rẹ̀ ni.