Ẹ Má Gé Fíìmù Superman Àtijọ́, Ẹ Ṣàlàyé Rẹ̀ fún Ọmọdé

Ẹni tó bá wo fíìmù kàtúùnù Superman mẹ́tàdínlógún tó jáde ní Amẹ́ríkà láàárín ọdún 1941 sí 1943 yóò gbà pé àwọn ayàwòrán náà mọṣẹ́ púpọ̀. Iléeṣẹ́ Fleischer ló ṣe mẹ́sàn-án àkọ́kọ́, Famous Studios sì ṣe mẹ́jọ tó kù. Ẹnikẹ́ni ló lẹ́tọ̀ọ́ láti gbé wọn sí ìta báyìí, ìdí nìyí tí wọ́n fi kún orí íntánẹ́ẹ̀tì, tí àwọn ọmọ wa sì ń wò wọ́n láìsí ẹni tó ń ṣàlàyé.

Ní oṣù Kejì ọdún 1942, nígbà tí Amẹ́ríkà ń bá Japan jà nínú Ogun Àgbáyé Kejì, Ààrẹ Amẹ́ríkà, Roosevelt, fọwọ́ sí àṣẹ tí wọ́n fi kó nǹkan bí 120,000 ènìyàn tó jẹ́ ìran Japan sí àgọ́ ìhámọ́, bẹ́ẹ̀ ìdá méjì nínú mẹ́ta wọn ló jẹ́ ọmọ Amẹ́ríkà. Oṣù Kẹsàn-án ọdún náà ni Japoteurs, ọ̀kan nínú àwọn fíìmù náà, jáde, níbi tí ọkùnrin ará Japan kan ti gbé àwòrán Ère Òmìnira kọ́ ògiri, tó sì jẹ́ pé àsíá Japan ló wà lẹ́yìn rẹ̀. Ohun tí èyí ń sọ fún ọmọdé ni pé aládùúgbò tó bá ní irú ojú bẹ́ẹ̀, ọ̀dàlẹ̀ ni. Ó dùn wá jù nítorí pé ọmọ Júù tí òbí wọn ṣí wá sí Àríwá Amẹ́ríkà ni Siegel àti Shuster, tí wọ́n dá Superman sílẹ̀ láti máa gbèjà ẹni tí wọ́n ń ni lára. Ọdún 1988 ni òfin Amẹ́ríkà tó tọrọ àforíjì lọ́wọ́ àwọn tí wọ́n kó sí àgọ́ náà ṣẹ̀ṣẹ̀ jáde.

Fíìmù mìíràn nínú wọn, Jungle Drums, ti ọdún 1943, kan àwa gan-an. Àwọn Násì, ìyẹn àwọn ọmọlẹ́yìn Hitler ti Jámánì, fara pamọ́ sáàárín àwọn aláwọ̀ dúdú inú igbó, tí wọ́n ń lùlù láti dáná sun Lois Lane, obìnrin akọ̀ròyìn tí Superman máa ń gbà là. Ìlù tí a fi ń ki ọba, tó ń pe ènìyàn lórúkọ, ni wọ́n sọ di ariwo ìpànìyàn, ní ọdún kan náà tí wọ́n ń to Ẹgbẹ́ Ọmọ Ogun Kọkànlélọ́gọ́rin (81st Division) ti Ìwọ̀-Oòrùn Áfíríkà jọ, tí àwọn ọmọ Nàìjíríà wà nínú rẹ̀, láti lọ bá Japan jà ní Burma (Myanmar òde òní).

Àwọn kan ní kí wọ́n pa irú fíìmù bẹ́ẹ̀ rẹ́. A kò fara mọ́ ọn, nítorí ẹni tó bá sun ẹ̀rí níná ti bá aṣebi bo àṣírí. Ohun tí a ń béèrè ni pé kí iléeṣẹ́ tẹlifíṣọ̀n àti ẹnikẹ́ni tó ń gbé wọn jáde fi àlàyé ìṣẹ́jú kan ṣáájú, ní èdè tí ọmọ ọdún mẹ́wàá lè gbọ́, nípa ogun tó ń lọ lọ́wọ́ nígbà náà àti àwọn tí irọ́ inú fíìmù náà pa lára. Kí òbí tó bá sì tan án fún ọmọ jókòó tì í.