Kì í ṣe gbogbo tòmátì tó rọ ló ń wá omi

Wọ́n ń pín in kiri pé bí ewé tòmátì bá ti rọ, ká ṣáà máa bomi sí i. Kò rí bẹ́ẹ̀ nígbà gbogbo o.

Tó bá jẹ́ òùngbẹ, ilẹ̀ ìdí rẹ̀ á gbẹ. Tó bá rómi, á jí. Ṣùgbọ́n bí ilẹ̀ bá tutù, tí ewé sì rọ láìtíì pọ́n, tí kò jí láàárọ̀, ẹ fura sí àrùn.

Ẹ gé igi rẹ̀ nítòsí ilẹ̀, kí ẹ ti ojú ibi tẹ́ ẹ gé bọ inú ife omi tó mọ́ gaara. Bí nǹkan funfun bí omi ògì bá ń ṣàn jáde, kòkòrò àìfojúrí ló dí ọ̀nà omi inú igi náà.

Kò gbóògùn. Omi tẹ́ ẹ ń dà sí i ló ń gbé àrùn náà dé ìdí àwọn tó kù. Ẹ hú u tigbòǹgbò-tigbòǹgbò. Ẹ má gbin ata síbẹ̀, torí àrùn náà ń mú òun náà. Àgbàdo ni kẹ́ ẹ gbìn.