Àgbà Tó Wẹ̀yìn Kó Tó Jẹ

Àgbà tó bá jẹ àjẹìwẹ̀yìn ni yóò ru igbá rẹ̀ délé. Àwọn ọmọdé wà lẹ́yìn àgbà tó ń jẹun. Àwọn ló pọnmi, àwọn ni yóò palẹ̀ mọ́. Bó bá lá àwo gbẹ láìṣẹ́kù, ta ni yóò bá a gbé igbá? Gbogbo wa la mọ òwe yìí lẹ́nu, àmọ́ ọjọ́ tí oríire bá kàn wá la máa ń gbàgbé rẹ̀.

Ẹni tí kò gbàgbé ni John Berger, òǹkọ̀wé ọmọ Gẹ̀ẹ́sì tí wọ́n bí ní Lọ́ńdọ̀nù lọ́dún 1926. Ayàwòrán ni tẹ́lẹ̀, kó tó máa kọ̀wé lórí iṣẹ́ ọnà. Ní 1972, BBC gbé ètò rẹ̀ alápá mẹ́rin jáde, ó ń kọ́ mùtúmùwà bí a ṣe ń wo àwòrán: ta ló ni ín, ta ló sanwó rẹ̀? Lọ́dún náà gan-an ni ìwé ìtàn àròsọ rẹ̀ gba Booker, ẹ̀bùn ńlá tí wọ́n ń fún òǹkọ̀wé ní ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì, 5,000 pọ́n-ùn.

Ìbéèrè tó bi àwòrán ló bi owó náà. Ilé iṣẹ́ Booker McConnell ló gbé ẹ̀bùn kalẹ̀, wọ́n sì ti ń ṣòwò ní agbègbè Kàríbéánì fún ohun tó lé ní ọgọ́rùn-ún ọdún. Oko ìrèké Guyana wà lára ohun tó sọ wọ́n di ọlọ́rọ̀. Berger dìde níbi àpèjẹ tí wọ́n ti fún un lẹ́bùn, ó ní ìṣẹ́ tó ń ṣẹ́ àwọn ará Kàríbéánì kò ṣẹ̀yìn irú òwò bẹ́ẹ̀, ó sì fi ìdajì owó náà fún Black Panthers ti Lọ́ńdọ̀nù, ẹgbẹ́ àwọn aláwọ̀ dúdú tó ń jà fún ẹ̀tọ́ wọn. Ó ní kì í ṣe àánú, kì í ṣe ẹ̀rí ọkàn tó ń dá òun lẹ́bi. Iṣẹ́ ìwé tòun fúnra rẹ̀ ló ń béèrè rẹ̀.

Ibẹ̀ ni mo fẹ́ràn jù. Òkè ni aláàánú ti ń wo èèyàn. Ẹni tó wẹ̀yìn mọ̀ pé gbèsè lòun ń san. Ìwọ tí wọ́n ṣẹ̀ṣẹ̀ gbé ga, kọ́kọ́ bèèrè ẹni tó gún iyán tó wà níwájú rẹ.

Ẹ lè ní kí ló dé tí kò fi gbogbo rẹ̀ sílẹ̀. Òwe kò ní kí àgbà febi pa ara rẹ̀. Ìdajì tó kù ni òun àti ayàfọ́tò Jean Mohr fi ṣèwádìí nípa àwọn tó ń ti Turkey, Portugal àti ibòmíràn lọ ṣiṣẹ́ alágbára ní àwọn ilẹ̀ ọlọ́rọ̀ Yúróòpù. Ìwé tí wọ́n ṣe lórí rẹ̀ jáde ní 1975. Àwòrán àwọn ọkùnrin tí dókítà ń yẹ̀ wò ní Istanbul kí wọ́n tó lè wọ Jámánì wà nínú rẹ̀, wọ́n ti bọ́ṣọ, wọ́n dúró lórí ìlà. Ẹ̀yin tí ẹ ní èèyàn lókè òkun, kò yẹ kí irú àwòrán yẹn ṣàjèjì sí yín.

Ọ̀pọ̀ àwọn òṣìṣẹ́ náà, ọmọ àgbẹ̀ ni. Berger rí i pé òun kò mọ irú ilé tí wọ́n fi sílẹ̀, ló bá kó lọ sí Quincy, abúlé kan lórí òkè Alps ní ilẹ̀ Faransé. Ẹni tó ti gba Booker wá ń kọ́ bí wọ́n ṣe ń kó koríko gbígbẹ fún màlúù, lọ́wọ́ àwọn àgbẹ̀ tó dàgbà jù ú lọ.