Ẹ yéé kó amoxicillin fún guinea pig, ẹ jọ̀ọ́!

Inú ń bí mi gan-an ni, ẹ jẹ́ kí n sọ ọ́. Ọ̀sẹ̀ mẹ́ta rèé tí Kíkẹ́ kú, guinea pig, ẹran kékeré tó jọ eku, tí ọmọ mi obìnrin ń sìn, ojoojúmọ́ lọmọ yẹn sì ń lọ dúró síwájú àgò rẹ̀. Kò yẹ kó kú! Eéwo ló mú un, eéwo lásán!

Alẹ́ ọjọ́ kan ni mò ń họ ọ́ lábẹ́ àgbọ̀n, ọwọ́ mi bá kan nǹkan líle kan lábẹ́ awọ, bíi kóró àgbálùmọ̀. Kó tó di ọjọ́ kẹta ó ti tó ẹyin ẹyẹlé, ibẹ̀ ń gbóná, itọ́ ti lẹ irun ibẹ̀ pọ̀. Tẹ́lẹ̀ tó bá ti gbọ́ ìró ọ̀rá tí mo fi ń kó koríko wá, ńṣe ló máa ń han wíì wíì wíì, ṣùgbọ́n lọ́jọ́ yẹn ó kàn ń wo ewé ni.

Mo bá gbé e lọ sí ṣọ́ọ̀bù òògùn ẹran kan nígboro Àkúrẹ́ níbí. Bọ̀dá tó wà níbẹ̀ ò tiẹ̀ ṣí páálí wò. "Màmá, ṣé eku ni?" Mo ní rárá o, guinea pig ni. Ó ní òògùn eéwo kan náà ni gbogbo ẹran ń lò, ló bá kó amoxicillin, òògùn apakòkòrò, fún mi, ó ní kí n tú kápúsù sómi kí n máa fi síríńjì fún un lẹ́nu. Mo ní ṣé kò ní ṣe é ní nǹkan ṣá, ó ní "ṣóun náà kì í ṣe ẹran ni?" Ọjọ́ mẹ́rin! Ó ń ṣu gbuuru, kò jẹ, kò mu, ó tutù mọ́ mi lọ́wọ́.

Ìgbà tí Dúdú, èkejì rẹ̀, náà wú lábẹ́ àgbọ̀n ni mo tó rí dókítà ẹran gidi tó ṣàlàyé fún mi. Penicillin, ampicillin, amoxicillin, téèyàn bá fún guinea pig lẹ́nu, wọ́n máa ń pa kòkòrò rere inú ìfun rẹ̀ tó ń bá a da koríko, èyí tó burú á wá gbilẹ̀, á máa tu májèlé síbẹ̀, òun ló ń pa á, kì í ṣe eéwo! Òògùn tó bá a lára mu sì wà o, enrofloxacin wà, trimethoprim pẹ̀lú sulfa wà, kí dókítà ṣáà wọ̀n ọ́n fún un ni. Ẹni tó ń ta òògùn ẹran ò mọ̀yẹn, àbí ó mọ̀, kò kàn bìkítà?

Dókítà fún Dúdú lábẹ́rẹ́ oorun, ó la eéwo náà. Ọyún rẹ̀ ò ṣàn bíi tèèyàn, ó ki bíi ògì tí wọ́n ṣẹ̀ṣẹ̀ fún nínú àpò, ìdí nìyẹn tí kò fi lè gbẹ fúnra rẹ̀, àfi kí wọ́n là á, kí wọ́n fọ inú rẹ̀, kí wọ́n fi ojú ẹ̀ sílẹ̀ kó máa san látinú bọ̀ síta. Láàárọ̀ lálẹ́ ni mo ń fi omi iyọ̀ tí wọ́n fún mi fọ̀ ọ́. Wọ́n ní koríko gbígbẹ tó ṣóńṣó ló máa ń gún wọn lẹ́nu, kòkòrò á gbabẹ̀ wọlé, eyín tó gùn jù náà lè fà á, ìjà náà lè fà á. Wọ́n sì ní ara wọn kì í ṣe fítámì C fúnra rẹ̀, bíi tiwa, tí kò bá tó egbò kì í tètè jinná, torí ẹ̀ ni mo ṣe ń ra tàtàṣé l'Ọ́jà Ọba fún un báyìí. Tí kò bá sì jẹun fún odindi ọjọ́ kan, ẹ gbé e sáré lọ bá dókítà o, torí ìfun rẹ̀ ò gbọ́dọ̀ dáṣẹ́ dúró.

Àwọn kan tún ń sọ fún mi pé "ẹ jù ú nù, ẹ ra òmíì, ó ṣe jẹ́?" Ọmọ mi ń gbọ́ o! Ẹ̀mí ni, ẹ̀yin èèyàn yìí!

Lánàá Dúdú gbọ́ ìró ọ̀rá, ó han wíì. Ọmọ mi bú sẹ́kún. Kíkẹ́ náà ì bá wà níbẹ̀. Owó ara mi ni mo fi ra ohun tó pa á.