Himalaya kọ́ ló gùn jù láyé o, Andes náà kọ́

Ta ló tiẹ̀ sọ fún wa pé Himalaya, ìyẹn àwọn òkè Éṣíà tí Everest wà láàárín wọn, ni ọ̀wọ́ òkè tó gùn jù láyé? Káàkiri ni mo ń rí i, ẹni tó bá ti gbọ́ Everest báyìí ó parí fún un nìyẹn, òkè tó ga jù náà ló máa gùn jù. Gíga ọ̀tọ̀, gígùn ọ̀tọ̀ jàre. Everest ga lóòótọ́, mítà 8,849 ni Ṣáínà àti Nepal jọ kéde lọ́dún 2020, ṣùgbọ́n tẹ́ ẹ bá wọn Himalaya látìbẹ̀rẹ̀ dópin, bíi kìlómítà 2,400 péré ni. Àwọn òkè Rocky tó wà ní Kánádà àti Amẹ́ríkà tó ìlọ́po méjì ẹ̀, ìyẹn ò sì ní orí kan tó ga tó mítà 4,500.

Àwọn tó mọ̀wé díẹ̀ á wá ní Andes ni. Ìyẹn sàn. Ó gba Venezuela, Kòlóńbíà, Ecuador, Peru, Bolivia, títí dé ìsàlẹ̀ pátápátá ní Chile àti Ajẹntínà, bíi kìlómítà 7,000. Tó bá jẹ́ orí ilẹ̀ nìkan là ń sọ, wọ́n gbà á.

Àmọ́ ta ló ní òkè ò lè wà lábẹ́ omi? Ọ̀wọ́ òkè kan wà nísàlẹ̀ òkun, mid-ocean ridge ni wọ́n ń pè é lédè Gẹ̀ẹ́sì, tó bẹ̀rẹ̀ láti òkun yìnyín lókè ayé, ó gba àárín Àtìláńtíìkì gangan wá sísàlẹ̀, ó yí gúúsù Áfíríkà po wọ Òkun Íńdíà, ó gba àárín Ọsirélíà àti Antarctica, ó wọ Pàsífíìkì, ó sì tún gòkè lọ sọ́wọ́ Mẹ́síkò. Bíi kìlómítà 65,000 ni gbogbo ẹ̀! Ó ju ìlọ́po mẹ́sàn-án Andes lọ.

Kò jọ wá lójú pé a ò mọ̀ ọ́n, torí kò tíì pẹ́ tí ẹnikẹ́ni mọ̀ ọ́n. Àwọn ọkọ̀ Gẹ̀ẹ́sì kan ti fi okùn wọn òkun ní nǹkan bí 1870 sókè, wọ́n sì rí i pé àárín Àtìláńtíìkì ò jìn tó ẹ̀gbẹ́ ẹ̀, ó tán síbẹ̀. Marie Tharp, obìnrin kan tó jẹ́ onímọ̀ nípa ilẹ̀ àti òkúta, ló wá tú àṣírí ẹ̀ ní New York. Nígbà yẹn wọn ò kì í jẹ́ kí obìnrin wọ ọkọ̀ ìwádìí, torí náà ọ́fíìsì ló jókòó sí, àwọn tó wà lójú omi á ta ohùn sísàlẹ̀, wọ́n á wo bó ṣe pẹ́ tó kó tó padà láti fi mọ bí òkun ṣe jìn tó, òun á wá fi yàwòrán ìsàlẹ̀ òkun. Ní nǹkan bí 1952 ló rí i pé àfonífojì kan gba àárín òkè yẹn kọjá gbọọrọ, bíi pé ilẹ̀ ń yà níbẹ̀, ló bá sọ fún Bruce Heezen tí wọ́n jọ ń ṣiṣẹ́, oníyẹn ní ọ̀rọ̀ àwọn ọmọbìnrin lásán ni. Ẹ ò rí i! Ìgbà tí ẹlòmíì nínú ọ́fíìsì kan náà fi àmì sí gbogbo ibi tí ilẹ̀ ti ń mì lábẹ́ òkun, tí àmì yẹn sì bọ́ sínú àfonífojì Marie gẹ́lẹ́, ni Heezen tó gbà.

Ìdí tó fi gùn tó bẹ́ẹ̀ náà wà níbẹ̀. Ibi tí ilẹ̀ Íńdíà ti ya lu Éṣíà láti nǹkan bí àádọ́ta mílíọ̀nù ọdún sẹ́yìn nìkan ni Himalaya ti ga sókè, ibòmíì ò kàn án. Ti abẹ́ òkun yàtọ̀, ṣe ni èèpo ayé ń yà kúrò lára ara wọn níbẹ̀, òkúta yíyọ́ ń rú jáde láti ìsàlẹ̀, ó ń dì, ibi gbogbo tí wọ́n bá sì ti ń yà báyẹn lábẹ́ òkun ni òkè yẹn máa ń gbà.

Mo mọ àwọn tó máa ní èyí tí omi bò ò kà, òkìtì lásán ni. Òkìtì wo ló ń ga tó bíi mítà 2,000 láti ìdí ẹ̀? Kì í sì í ṣe gbogbo ẹ̀ lomi bò, orí ẹ̀ gan-an ni Iceland jókòó sí, kí oníyẹn lọ sí Thingvellir níbẹ̀, á rìn nínú àfonífojì yẹn, bàtà ẹ̀ ò sì ní tutù.