Kì í ṣe ìfẹ́ ikú ló ń gbé wọn débẹ̀

Láìpẹ́ yìí, bí mo ṣe parí ọ̀rọ̀ lórí iṣẹ́ ìwádìí mi ni ẹnìkan dìde láàárín àwọn olùgbọ́, tó tún sọ ohun tó ti sú mi í gbọ́: pé ẹni tó bá fi owó ara rẹ̀ lọ wo ibi tí wọ́n ti pa èèyàn, ikú ló ń wù ú wò, kò sì láàánú. Ó pẹ́ tí mo ti ń ṣe ìwádìí lórí ìṣesí àwọn arìnrìn-àjò afẹ́, ọ̀rọ̀ náà kò sì rí bẹ́ẹ̀ rárá.

Ta ló ṣí àwọn ibi wọ̀nyí sílẹ̀ ná? Ní Auschwitz, àgọ́ tí àwọn Násì ilẹ̀ Jámánì ti pa èèyàn nípakúpa ní Poland nígbà Ogun Àgbáyé Kejì, àwọn tí wọ́n jìyà nínú àgọ́ náà tí wọ́n sì yè é ni wọ́n ṣáájú akitiyan pé kí wọ́n má ṣe wó o, tí ilé aṣòfin Poland fi sọ ọ́ di ilé ìrántí ní oṣù Keje ọdún 1947. Ní ilé ìrántí tó wà ní Kigali, olú-ìlú Rwanda, níbi tí wọ́n sin òkú tó lé ní 250,000 lára àwọn tí wọ́n pa nínú ìpakúpa ọdún 1994 sí, àwọn ẹbí olóògbé fúnra wọn ń wá tẹ́ òdòdó sórí sàréè. Àwọn tí ọ̀fọ̀ ṣẹ̀ gan-an ló ní ká wá wò ó. Ṣé àwọn náà fẹ́ràn ikú ni?

Mo ti dúró níwájú àwọn àpótí ẹrù tí wọ́n kó jọ sẹ́yìn gíláàsì ní Auschwitz. Àwọn tó ni wọ́n ti fi ọ̀dà kọ orúkọ wọn sára wọn gàdàgbà, àwọn mìíràn kọ ọjọ́ ìbí mọ́ ọn, nítorí wọ́n gbà pé àwọn yóò padà rí ẹrù àwọn gbà. Obìnrin kan lẹ́gbẹ̀ẹ́ mi ń ka àwọn orúkọ náà wúyẹ́wúyẹ́, ọ̀kan tẹ̀lé èkejì, kò sì kúrò níbẹ̀ títí àwọn tó bá a wá fi fà á lọ́wọ́.

Wọ́n á ní àwọn kan ń rẹ́rìn-ín ya fọ́tò. Èèyàn tó lé ní mílíọ̀nù méjì ló wá sí Auschwitz ní 2019. Àwọn tó dúró jẹ́jẹ́ kò sí ẹni tó ń pín àwòrán wọn kiri. Mo gbà pé àwọn kan wà tó jẹ́ ìran lásán ni wọ́n wá wò, ṣùgbọ́n a kì í torí wọn bú gbogbo èrò.

Mo bi ẹni tó dìde náà bóyá ó ti dé irú ibi bẹ́ẹ̀ rí. Ó ní òun kò débẹ̀ rí.